Apá Kìíní Nìkan Ni Wọ́n Wò

Orí tó wà nínú pósítà yẹn, orí àǹtí mi ni. Ara tó wà lábẹ́ orí náà kì í ṣe ti àǹtí mi. Láti ìgbà tí wọ́n ti lẹ pósítà ọ̀hún mọ́ ògiri ilé fídíò tó wà ní àdúgbò wa ní Ìkàrẹ́, n kò rí ẹnì kan tó gba ọ̀rọ̀ méjèèjì yìí gbọ́ pọ̀. Àwọn tó fẹ́ràn àǹtí mi ní òun kọ́ rárá. Àwọn yòókù ní òun ni, látòkè délẹ̀.

Mo lọ dúró síwájú rẹ̀ ní ọ̀sán gangan, mo sì yẹ̀ ẹ́ wò dáadáa. Ojú obìnrin inú rẹ̀ dú, ara rẹ̀ pupa. Níbi tí dúdú ti pàdé pupa lọ́rùn, wọ́n fi ìlẹ̀kẹ̀ bò ó. Àǹtí mi ní àpá iná ní èjìká òsì, láti ìgbà tó ti ń bá ìyá mi dín àkàrà ní kékeré. Èjìká ti inú pósítà ń dán bí ọṣẹ. Aṣọ ìnura nìkan ló wà lára obìnrin náà, ọkùnrin kan tí kò sí nínú fíìmù náà rárá sì dì í níbàdí mú láti ẹ̀yìn. Wọ́n fi lẹ́tà pupa kọ orúkọ kan sókè, èyí tí ẹni tó ṣe fíìmù náà kò sọ ọ́. N kò ní kọ orúkọ yẹn síbí. Lábẹ́ rẹ̀ ni wọ́n kọ Apá Kìíní sí.

Ọkùnrin tó ni ilé fídíò náà ń wò mí láti orí bẹ́ǹṣì.

"Gírájúéètì, tó o bá fẹ́ yá a, wọlé. Má fi ojú jẹ pósítà mi tán."

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ bá mi yọ ọ́."

"Yọ kí ni? Fíìmù kan ò tíì lọ bí èyí láti ìgbà tí mo ti ṣí ṣọ́ọ̀bù. Àwọn tó ń bú u láàárọ̀ ló ń yá a nírọ̀lẹ́."

"Àǹtí mi ni."

"Mo mọ̀. Bá mi kí wọn. Wọ́n ṣe é dáadáa."

Kò fi mí ṣẹ̀sín. Ohun tó bí mi nínú jù nìyẹn. Ó rò pé òun ń yìn ín ni.

Àǹtí mi ni àbúrò ìyá mi tó kẹ́yìn. Ìkàrẹ́ ni wọ́n bí i sí, nínú ilé Mùsùlùmí, Ìwàrò-Ọ̀kà ló sì lọ́kọ sí, nínú ilé Kìrìsìtẹ́nì. Irú ìgbéyàwó bẹ́ẹ̀ kò ṣàjèjì lọ́dọ̀ wa. Ó ń kọ́ àwọn ọmọ jéléósinmi níbẹ̀. Àìsàn pa ọkọ rẹ̀ nígbà tí ọmọbìnrin kan ṣoṣo tí wọ́n bí ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń kọ orúkọ. Àwọn àna rẹ̀ rán aṣọ dúdú fún un, ó sì wọ̀ ọ́ títí oṣù tí wọ́n dá fún un fi pé. N kò gbọ́ kó ráhùn. Ní ti ìráhùn, èmi àti òun jọra.

Lẹ́yìn ìyẹn ni àgùnbánirọ̀ kan dé sí ilé ẹ̀kọ́ girama tó wà nítòsí wọn. Ọmọkùnrin jẹ́jẹ́ ni, iṣẹ́ fíìmù ló kọ́ ní yunifásítì. Ó fẹ́ ṣe fíìmù kan nípa opó, ó wá obìnrin tí yóò ṣe opó náà, gbogbo àwọn tó bẹ̀ kọ̀. Àǹtí mi gbà. Mo bi í léèrè ìdí rẹ̀ nígbà kan tó wá kí wa.

"Ó bi mí léèrè ohun tí opó máa ń ṣe tó bá jí láàárọ̀," ó ní. "Kò sẹ́ni tó tíì bi mí rí."

Mo wo fíìmù yẹn tán, nínú gbọ̀ngàn ilé ẹ̀kọ́ náà, níbi tí àgùnbánirọ̀ náà ti fi í hàn wá lára aṣọ funfun kó tó kúrò ní Ọ̀kà. N kò ní purọ́ nítorí pé mò ń bínú: fíìmù tó ń tọ́ni níjà ni. Obìnrin inú rẹ̀ kò tíì parí ọ̀fọ̀ tí ọkàn rẹ̀ fi fà sí ọkùnrin kan tó ń fọ́ òkúta lẹ́sẹ̀ òkè. Wọn kì í fọwọ́ kan ara wọn, ó ṣọ̀wọ́n kí wọ́n bára wọn sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó bá ń wò wọ́n á máa wo ilẹ̀ nígbà mìíràn. Nígbà tí ọ̀fọ̀ pé, àwọn obìnrin mú un lọ sódò, ó bọ́ aṣọ dúdú náà, wọ́n wẹ̀ ẹ́. Ẹ̀yìn rẹ̀ hàn dé ìbàdí. Ọkùnrin olókùúta ń bọ̀ lọ́nà oko, ó rí wọn, ó kẹ̀yìn sí wọn, ó jókòó sórí àpáta, ó kọjú sí ìlú títí wọ́n fi ṣe tán. Lẹ́yìn náà obìnrin náà délé, ó gún iyán, ó bù ú sí àwo méjì, ó jókòó. Nígbà tó ṣe, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jẹun. Fíìmù parí. A kò mọ̀ bóyá ọkùnrin náà wá.

Ẹni tó bá ní irú ìtàn bẹ́ẹ̀ kò dára, mo lè bá a jókòó kí a jọ jiyàn. Ìyá mi pàápàá sọ bẹ́ẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, ó ní opó tí kò tíì bọ́ aṣọ ọ̀fọ̀ kò gbọdọ̀ máa wo ọ̀nà. Ṣùgbọ́n ó wò ó tán kó tó sọ̀rọ̀.

Àgùnbánirọ̀ náà gbé fíìmù rẹ̀ lọ sí Èkó. A gbọ́ pé àwọn kan wò ó nílùú òyìnbó, wọ́n sì pàtẹ́wọ́. Pàtẹ́wọ́ kì í sanwó ilé. Ó tà á fún mákẹ́tà kan tó ń tẹ síídì jáde, mákẹ́tà sì ṣe é bí wọ́n ṣe ń ṣe é.

Gbogbo ẹni tó ń wo fíìmù Yorùbá ló mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Fíìmù kì í jẹ́ ẹyọ kan. Apá Kìíní gbọ́dọ̀ wà, Apá Kejì gbọ́dọ̀ tẹ̀ lé e, ìbáà jẹ́ ìtàn tí a lè sọ tán nídìí àwo ẹ̀bà kan. Níbi tí ọ̀bẹ bá ti wà lókè tí kò tíì balẹ̀, ibẹ̀ ni Apá Kìíní máa ń parí sí. Ó ti mọ́ wa lára. Bí Apá Kìíní bá parí síbi tí ìyàwó àgbà ti ń da nǹkan sínú ọbẹ̀, kò sẹ́ni tó ń dìde lọ pe ọlọ́pàá. A ó ní ká dúró de Apá Kejì, bóyá iyọ̀ ni. Ìdí nìyí tí inú mi kò fi tíì rọ̀ títí di òní: ìlú tó lè dúró de Apá Kejì nítorí iyọ̀ kò lè dúró dè é nítorí àǹtí mi.

Mákẹ́tà gé fíìmù náà sí méjì létí odò. Ọwọ́ àǹtí mi wà lára kókó aṣọ dúdú, kókó náà tú, ẹ̀yìn rẹ̀ hàn, àwòrán dúró gbagidi, orin bẹ̀rẹ̀. *Ẹ máa retí Apá Kejì.*

Wọ́n ní ó bọ́ra sí ìhòòhò. Mo yá síídì náà, mo wò ó, mo dá a padà sẹ́yìn, mo tún wò ó. Ẹ̀yìn ni. Ọmọ Àkókó wo ni kò tíì rí ẹ̀yìn obìnrin létí odò rí? Wọ́n ní ó ń ṣe àgbèrè nínú rẹ̀. Kò sí ọkùnrin kankan níbẹ̀ tó súnmọ́ ọn tó ẹni tó ń gba ṣéńjì lọ́wọ́ rẹ̀. Wọ́n ní ó gbowó ńlá. Àgùnbánirọ̀ yẹn ra aṣọ àǹkárá kan fún un, ó sì kó ìrẹsì wá nígbà Kérésìmesì. Mò ń bá wọn wí lọ́kọ̀ọ̀kan báyìí nínú yàrá mi, n kò sì sọ ọ̀kankan síta, nítorí mo rò pé Apá Kejì yóò dé, yóò sì bá mi sọ ọ́.

Kí Apá Kejì tó dé, àwọn àna ránṣẹ́ pè wá sí Ìwàrò. Ẹ̀gbọ́n ọkọ àǹtí mi ti wá láti Àkúrẹ́, níbi tó ti ń ta pákó ìkọ́lé. Ó ní òun fẹ́ mú ọmọ àbúrò òun lọ sọ́dọ̀ òun. Kì í ṣe fún ìsinmi ilé ẹ̀kọ́ o. Pátápátá.

Nínú ọkọ̀ tó gbé wa láti Ìkàrẹ́, ìyá mi sọ fún mi pé kí n má sọ̀rọ̀. Ó ní ilé àna ni, ẹni tó bá fẹ́ mú nǹkan níbẹ̀, orí ìkúnlẹ̀ ló ti ń mú un. Mo gbà.

Pálọ̀ ìdílé náà kún. Àǹtí mi jókòó sórí àpótí kékeré nítòsí ilẹ̀kùn, ọmọ rẹ̀ wà láàárín ẹsẹ̀ rẹ̀, ó ń di irun rẹ̀ bí ẹni pé ìpàdé náà kò kàn án. Ìyá ọkọ rẹ̀ jókòó sórí ẹní, ó ń bó ẹ̀gúsí. Páálí síídì náà wà lórí tẹlifíṣọ̀n. Kò sẹ́ni tó gbé e pamọ́.

Ẹ̀gbọ́n ọkọ náà sọ̀rọ̀ dáadáa. Mo gbọ́dọ̀ sọ ìyẹn. Kò pariwo.

"Ìyá wa láti Ìkàrẹ́, a ò pè yín láti jà. Ìyàwó wa, a ò lé e. Kó máa gbé níbí. Ṣùgbọ́n ọmọ yìí, ọmọ ilé yìí ni. Ní ilé ẹ̀kọ́ wọn, wọ́n ti ń fi ìyá rẹ̀ bú u. Ṣé kó máa dàgbà sínú ìyẹn ni?"

Ìyá mi wà lórí ìkúnlẹ̀. "Ẹ ṣàánú wa, bàbá. Ọmọ ẹyọ kan ṣoṣo ni."

"Màmá, ẹ dìde." Ó yíjú sí mi. "Ìwọ tó kàwé, bá wa dá a. Ṣé wàá fẹ́ kí ìyá tó bí ẹ ṣe irú èyí kí gbogbo ayé máa wò ó?"

Mo gbàgbé ohun tí ìyá mi sọ nínú ọkọ̀. "Ẹ jọ̀ọ́ sà, ṣé ẹ ti wo Apá Kejì?"

"Kí ló kù tí Apá Kìíní ò tíì fi hàn wá?"

"Ìdí tó fi bọ́ aṣọ, sà."

"Ìdí ọ̀hún gan-an la fẹ́rẹ̀ẹ́ rí!" Ọ̀dọ́ kan láti ẹ̀yìn ló sọ ọ́. Pálọ̀ bú sẹ́rìn-ín. Àwọn tó ń rẹ́rìn-ín yẹn ló fẹ́ gba ọmọ lọ́wọ́ ìyá nítorí ìtìjú.

Mo sọ fún wọn pé mo ti wo fíìmù náà tán, pé ọkùnrin inú rẹ̀ kò wò ó rárá, pé ó kẹ̀yìn, ó jókòó sórí àpáta, pé kò sí ohun tó ṣẹlẹ̀ níbẹ̀ ju pé wọ́n wẹ opó lọ. Mò ń tò ó bí agbẹjọ́rò. N kò tíì dé ìdajì tí àǹtí mi fi dá mi lẹ́kun.

"Dákẹ́."

"Àǹtí, mò ń—"

"Mo ní kó o dákẹ́. Ò ń gbèjà mi pé ọkùnrin yẹn kẹ̀yìn. Ká ní kò kẹ̀yìn ńkọ́? Ṣé ìgbà yẹn ni wọ́n á wá máa gba ọmọ mi?" Kò gbé ojú sókè kúrò lórí irun tó ń dì. "Ẹ má bá mi wá ẹ̀rí kankan. Mi ò jalè."

Ìyá ọkọ rẹ̀ ló wá sọ̀rọ̀, ó ṣì ń bó ẹ̀gúsí rẹ̀.

"Odò wo lẹ ti ṣe é?"

"Èyí tó wà nísàlẹ̀ oko ọsàn, Màmá."

"Aṣọ dúdú yẹn ńkọ́? Ta ló ni ín?"

"Tèmi ni. Èyí tẹ́ ẹ rán fún mi."

Ọwọ́ ìyá àgbà náà dúró. Ẹni tí kò bá mọ àṣà ilé wọn kò ní mọ ìdí rẹ̀. Ní ilé yẹn, nígbà tí ọ̀fọ̀ bá pé, àwọn obìnrin ilé ọkọ ló ń mú opó lọ sódò. Wọ́n á bọ́ aṣọ dúdú náà lára rẹ̀, wọ́n á wẹ̀ ẹ́, wọ́n á fi aṣọ náà sílẹ̀ fún omi, kò sì ní padà wọlé mọ́ láé. Ọkùnrin kì í débẹ̀. Opó tí wọn kò bá mú lọ, aṣọ ọ̀fọ̀ ṣì wà lọ́rùn rẹ̀, ìbáà jẹ́ léèsì ló wọ̀.

"Aṣọ yẹn ò gbọdọ̀ sí nílé," ìyá àgbà ní. "Wọ́n ti mú ẹ lọ sódò nígbà tí mo wà ní Àkúrẹ́, tí wọ́n ń tọ́jú ojú mi. Wọ́n sọ fún mi."

"Ta ló sọ fún yín, Màmá?"

Ìyá àgbà wo ọmọ rẹ̀ ọkùnrin.

"Kò sẹ́ni tó mú mi lọ," àǹtí mi ní. "Mo dúró. Mo fi aṣọ yẹn sábẹ́ àpótí. Ìgbà tí àgùnbánirọ̀ yẹn gbé kámẹ́rà wá ni àwọn tíṣà ẹlẹgbẹ́ mi mú mi lọ. Ìyẹn lẹ wò. Nígbà tá a ṣe tán, mo gbé aṣọ náà padà wálé, torí àwọn tíṣà kì í ṣe ará ilé yìí. Ó ṣì wà lábẹ́ àpótí."

Ẹ̀gbọ́n ọkọ náà ní ìjọ òun kò fàyè gba nǹkan odò mọ́. Ó ní òun kò rí i bí ohun tó ṣe pàtàkì, òun sì sọ pé wọ́n ti ṣe é kí ọkàn màmá lè balẹ̀. Ó ṣì ń sọ ọ́ bí ẹni tó ń ṣàlàyé iye pákó.

Títí di ìsinsìnyí tí mò ń kọ èyí, ìbínú ọjọ́ yẹn ṣì máa ń gbé mi dìde lórí àga. Ìjọ rẹ̀ kò fàyè gba odò, ṣùgbọ́n ó fàyè gba aṣọ dúdú. Wọ́n mọ bí wọ́n ṣe ń wọ̀ ọ́ sí obìnrin lọ́rùn, bíbọ́ ọ ni wọn kò rí àyè fún. Nígbà tó wá fọwọ́ ara rẹ̀ tú kókó náà, wọ́n yá a wò, wọ́n dá a padà sẹ́yìn, wọ́n tún wò ó, wọ́n wá pe ìpàdé.

Ìyá àgbà gbọn èèpo ẹ̀gúsí kúrò lára ìró rẹ̀. Ó dìde.

"O ní ọmọ gbọ́dọ̀ wà lọ́dọ̀ ẹbí bàbá rẹ̀."

"Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá."

"Èmi ni mo bí bàbá rẹ̀. Ẹbí wo ló tún kù?" Ó nawọ́ sí ọ̀dọ́ tó dá àpárá ìdí lẹ́ẹ̀kan. "Ìwọ tó mọ̀ ọ́n sọ, lọ ká ẹní mi. Gbé e lọ sí yàrá ìyàwó mi. Lọ́dọ̀ rẹ̀ ni mò ń gbé láti òní lọ, ọmọ yìí ń gbé lọ́dọ̀ mi. Ẹni tó bá fẹ́ gbà á, kó wá gbà á lọ́wọ́ mi."

Kò sẹ́ni tó lè bá a jiyàn nínú ilé yẹn. Ẹ̀gbọ́n ọkọ náà mu omi, ó ní ọ̀nà Àkúrẹ́ jìn. Kò bẹ àǹtí mi. Kò sì gbé páálí síídì náà kúrò lórí tẹlifíṣọ̀n kó tó lọ.

Nígbà tí Apá Kejì jáde, ìyá àgbà ránṣẹ́ sí mi pé òun fẹ́ wò ó. Òun nìkan ló béèrè rẹ̀ nínú gbogbo wọn. Mo gbé e lọ sí Ìwàrò. Ó jókòó súnmọ́ tẹlifíṣọ̀n nítorí ojú rẹ̀, ọmọ wà lórí ẹsẹ̀ rẹ̀. Wọ́n kọ́kọ́ fi ohun tó ti ṣẹlẹ̀ ní Apá Kìíní hàn wá, ó gùn. Lẹ́yìn náà wọ́n polówó fíìmù mìíràn, àti òmíràn. Ọwọ́ tú kókó aṣọ. Lójú ẹsẹ̀, obìnrin náà ti wà nílé, ó ń gún iyán. Odò kò sí. Àwọn tó wẹ̀ ẹ́ kò sí. Ọkùnrin orí àpáta tí mo ti fi ṣe ẹlẹ́rìí níwájú ìdílé yẹn kò sí níbẹ̀ rárá. Bóyá mákẹ́tà gé e kí àyè lè wà fún ìpolówó, bóyá ó sì mọ̀ pé ẹni tó bá rí bí omi ṣe ń ṣàn lára opó kò ní rí ohun tí pósítà ṣèlérí. N kò mọ èyí tó jẹ́ òótọ́. N kò rí èyí tó sàn nínú méjèèjì.

"Ó ti parí?" ìyá àgbà ní.

"Ó ti parí, Màmá."

"Wọn ò tíì wẹ̀ ẹ́ o."

Mo fẹ́ ṣàlàyé pé wọ́n gé e ni. Kò dúró gbọ́. Ó pe àǹtí mi láti ẹ̀yìnkùlé, ó ní kó lọ mú aṣọ yẹn wá lábẹ́ àpótí. Ó ránṣẹ́ sí obìnrin méjì nínú ilé náà. Wọ́n fi ọmọ tì mí, nítorí ọkùnrin kì í débẹ̀, wọ́n sì gba ọ̀nà oko ọsàn lọ. N kò rí ohun tí wọ́n ṣe. Nígbà tí wọ́n padà, ìró aláwọ̀ ewé ló wà lára àǹtí mi, ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣì tutù, kò sì sí aṣọ dúdú lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ọmọ rẹ̀ sáré lọ dì mọ́ ọn, ó ní ara rẹ̀ ń tutù. Ìyá àgbà ní kí n gbé síídì mi kúrò nínú ẹ̀rọ.

Mo dá a padà sí Ìkàrẹ́ lọ́jọ́ kejì. Pósítà tuntun ti wà lára ògiri lẹ́gbẹ̀ẹ́ ti àkọ́kọ́, ara pupa kan náà, orí kan náà, Apá Kejì. Ọkùnrin ilé fídíò náà gba síídì lọ́wọ́ mi, kò tiẹ̀ ṣí i wò.

"Ìwọ nìkan lo yá a láti ìjọ́ yìí. Kò tà. Wọ́n ní kò sí nǹkan kan níbẹ̀."

Mo ní wọ́n gé nǹkan náà ni.

"Nǹkan wo?"

Mo wò ó. Lẹ́yìn náà mo wo ògiri rẹ̀, mo na ọwọ́, mo sì fa pósítà méjèèjì ya, orí àti ara, níṣojú rẹ̀, ní ọ̀sán gangan. Ó pariwo mọ́ mi títí mo fi dé ìyànà.